Mọ́tò Ìje Àtijọ́ Lórí Kọ̀ǹpútà: Èwo Nínú Wọn Ló Yẹ Yín?

Lọ́dún 1994, Volvo kó stéṣọ̀n wágìn wọ pápá ìje. Ẹ má rò pé àwàdà ni. Volvo 850 Estate, irú mọ́tò tí ẹlòmíì máa fi kó iṣu bọ̀ láti oko, ló tò mọ́ àwọn yòókù nínú BTCC, ìdíje touring car ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Rickard Rydell wa ọ̀kan, Jan Lammers wa èkejì. Ohun tó jẹ́ kí n fẹ́ràn irú eré yìí nìyẹn. Formula 1 dára, ṣùgbọ́n ta ló ti rí mọ́tò Formula 1 lọ́dọ̀ mẹkáníìkì àdúgbò rẹ̀ rí? Touring car ní tiẹ̀, mọ́tò ilé ni: Mercedes 190, Audi, BMW kékeré, Ford Cortina, àwọn tí bàbá àwọn ẹlòmíì ń gbé lọ síbi iṣẹ́. Wọ́n kàn tú ìjókòó inú rẹ̀ sọ nù, wọ́n fi irin gbe ara rẹ̀ ró, wọ́n ní kó lọ kojú ẹgbẹ́ rẹ̀.

Ẹni tó bá fẹ́ wa irú mọ́tò bẹ́ẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà lónìí, ohun tó ń dààmú ẹ̀ kì í ṣe àìrí. Ọ̀nà ló pọ̀ jù. Àwọn géèmù kan gbé e wá látilé, àwọn kan ń tà á ní ẹyọ ẹyọ, àwọn míì sì wà tó jẹ́ pé àfikún tí àwọn olólùfẹ́ ṣe fúnra wọn, ohun tí gbogbo wa ń pè ní mod, ló sọ wọ́n di nǹkan. Mo ti fi alẹ́ tó pọ̀ ju èyí tó yẹ lọ ṣòfò lórí gbogbo wọn. Ibi tí mo bá a dé rèé.

Ohun tí ẹ máa kọ́kọ́ wò

Ìgbà ni àkọ́kọ́. Àwọn kan á ní géèmù ni kéèyàn kọ́kọ́ mú. Èmi ò gbà. Mọ́tò 1965 àti mọ́tò 1995 kò jọra lọ́wọ́ rárá. Mini Cooper, Lotus Cortina, Alfa Romeo GTA, Ford Escort àkọ́kọ́: táyà wọn tín-ín-rín, bíréèkì wọn ò fi bẹ́ẹ̀ mú, ìdí wọn a sì máa yọ̀ ní gbogbo kọ́nà. Ńṣe lẹ máa ro sítiarìn bí ẹni ń ro ọkà. Ẹni tó bá fẹ́ràn èyí kò ní fẹ́ nǹkan míì mọ́.

Lẹ́yìn wọn ni Group A, òfin tó bẹ̀rẹ̀ ní 1982. Òfin náà sọ pé ilé-iṣẹ́ tó bá fẹ́ gbé mọ́tò kan wọ ìje gbọ́dọ̀ ti ṣe 5,000 irú rẹ̀ fún ará ìlú, bó bá sì fẹ́ tún un ṣe kó le sí i, ó gbọ́dọ̀ ṣe 500 irú èyí tó tún ṣe náà. Ibẹ̀ ni BMW M3 E30 ti wá. Ibẹ̀ ni Ford ti rí 500 tó fi sí orúkọ Sierra RS500, ibẹ̀ náà sì ni Mercedes 190E Evo II ti hu ìyẹ́ gàgàrà sẹ́yìn. 502 péré ni wọ́n ṣe nínú rẹ̀. Sierra ìje ń fa nǹkan bíi họ́ọ̀sìpáwà 500 pẹ̀lú tọ́bò, ẹ̀rọ tí ń ti afẹ́fẹ́ sínú ẹ́ńjìnnì, tó máa ń sùn díẹ̀ kó tó jí. M3 kò ju nǹkan bíi 300 lọ, síbẹ̀ Roberto Ravaglia fi í gba adé àgbáyé ní 1987, Frank Sytner sì fi í gba ti BTCC ní 1988. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn nígbà tí ẹ bá ń yan mọ́tò.

Ẹ̀kẹta ni Super Touring, ti àwọn ọdún 1990: ẹ́ńjìnnì lítà méjì, kò sí tọ́bò, ilẹ̀kùn mẹ́rin, táyà iwájú ló sì ń fa èyí tó pọ̀ jù nínú wọn. Volvo wa yẹn ń bẹ níbẹ̀, Audi A4, Renault Laguna, Vauxhall Cavalier. Wọ́n ń fi bọ́mpà kí ara wọn káàárọ̀ ni.

Ohun kejì tí mo máa ń wò ni mo kà sí pàtàkì jù, òun náà sì ni àwọn èèyàn kì í bèèrè: ṣé àwọn mọ́tò tó ń bá a du ipò wà níbẹ̀? Touring car kan ṣoṣo lórí pápá òfìfo kì í ṣe touring car mọ́. Mo ti gba Sierra kan sílẹ̀ rí tó lẹ́wà débi pé ẹ lè ka ìdè inú bónẹ́ẹ̀tì rẹ̀. Ọjọ́ méjì ni mo fi wà á, mo pa á tì. Kò sí M3 tí agbára rẹ̀ bá a mu, kò sí Nissan Skyline, kò sí ẹnì kankan tó máa fún un ní wàhálà.

Yàtọ̀ sí ìwọ̀nyí: kọ̀ǹpútà yín ńkọ́, dátà ńkọ́, iná ńkọ́? Iná ti lọ mọ́ mi lọ́wọ́ ní àyíká tó gbẹ̀yìn rí, tí mo sì wà ní ipò kejì. Láti ọjọ́ náà ni mo ti mọ iyì géèmù tí láptọ́ọ̀pù lásán lè gbé. Ẹ tún rántí pé PlayStation àti Xbox ò sí nínú ọ̀rọ̀ mod tí mò ń sọ yìí. Kọ̀ǹpútà Windows ni.

GTR 2 pẹ̀lú Power & Glory

SimBin ti Sweden gbé GT Legends jáde ní 2005, ilé Mini àti Cortina, Escort àti Capri, pẹ̀lú BMW 3.0 CSL. Ẹ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú mọ́tò kékeré, ẹ jẹ owó, ẹ fi ra èyí tó tóbi. Géèmù tó dùn ni. Ohun tó bà á jẹ́ ni StarForce, ẹ̀ṣọ́ tí wọ́n fi ń ṣọ́ díìsìkì rẹ̀ nígbà náà. Windows òde òní kì í fẹ́ fi ojú kan ẹ̀ṣọ́ yẹn.

Ọ̀nà tí àwọn olólùfẹ́ gbà yí i ká ni Power & Glory. Wọ́n mú irú àwọn mọ́tò àtijọ́ wọ̀nyẹn lọ sínú GTR 2, tí SimBin kan náà ṣe ní 2006, tó ní òjò, tó ní òru, tó sì rọrùn láti rà lórí Steam, ọjà géèmù orí íntánẹ́ẹ̀tì. GTR 2 fúnra rẹ̀ kò tó gígábáìtì 5. Láptọ́ọ̀pù ọdún mẹ́wàá sẹ́yìn á gbé e láì mí gúlegúle. Àwọn awakọ̀ kọ̀ǹpútà inú rẹ̀ ṣì ń jà ju ti ọ̀pọ̀ géèmù tuntun lọ: wọ́n á dúró tì yín ní kọ́nà, wọ́n á fún yín láyè, wọ́n á sì ṣàṣìṣe bí èèyàn.

Àléébù rẹ̀? Àwòrán rẹ̀ ti gbó. Sítiarìn òde òní gba ìtúnṣe díẹ̀ kó tó mọ ọwọ́. Fífi mod náà sínú rẹ̀ sì ní ìgbésẹ̀ púpọ̀ tí ẹ gbọ́dọ̀ tẹ̀ lé bí wọ́n ṣe kọ ọ́. Ẹni tó bá fo ọ̀kan á padà síbẹ̀rẹ̀. Ẹ má retí Group A tàbí Super Touring níbẹ̀ o. Ilé àwọn àgbà ni.

rFactor pẹ̀lú HistorX

N kò ní pẹ́ níbí. rFactor, iṣẹ́ Image Space Incorporated, jáde ní 2005, àwọn oní-mod ló sì sọ ọ́ di ìlú. HistorX ni iṣẹ́ wọn tí mo fẹ́ràn jù fún ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, nígbà tí Ford Capri gba ìdíje Yúróòpù ní 1971 àti 1972, tí BMW sì fi 3.0 CSL gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ ní 1973. Ó fúyẹ́ bíi GTR 2. Ṣùgbọ́n ẹ ò ní tètè rí èèyàn bá ṣeré lórí íntánẹ́ẹ̀tì, àwọn awakọ̀ kọ̀ǹpútà sì gbọ́n tàbí gọ̀ bí pápá tí ẹ bá fi sínú rẹ̀ bá ṣe rí. Ẹni tó ti ní rFactor nílé kó fi sí i. Ẹni tí kò ní, GTR 2 ni kó rà.

Assetto Corsa: ọjà Dùgbẹ̀

Ohun gbogbo ló wà lọ́jà Dùgbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tí kò mọ ọjà á gbé ayédèrú wálé. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni Assetto Corsa rí. Kunos Simulazioni ti Ítálì ló ṣe é, ó jáde ní kíkún ní 2014, ó sì fẹjú sílẹ̀ fún mod láti ìgbà náà.

Ohun tí Kunos fúnra wọn gbé wá kò burú: BMW M3 E30 ti Group A àti ti DTM (ìdíje touring car ti Jámánì), Alfa Romeo GTA, Escort RS1600, àti Alfa 155 V6 TI, irú èyí tí Nicola Larini fi gba DTM ní 1993. Àwọn kan wà nínú géèmù, àwọn kan wà nínú àfikún tí wọ́n ń tà, àkójọpọ̀ gbogbo rẹ̀ ni Ultimate Edition. Steam máa ń lù ú ní gbàǹjo léraléra, ẹ má ra ẹyọ ẹyọ. Wọ́n tún fi Monza ti 1966 àti Silverstone ti 1967 sí i. Ẹ gbé Alfa GTA lọ sí Monza yẹn, kí ẹ gba orí ogiri dídagun àtijọ́ kọjá, kí ẹ wá sọ fún mi bó ṣe ṣe yín.

Àmọ́ ẹ wò ó dáadáa: ẹyọ kan níhìn-ín, ẹyọ kan lọ́hùn-ún ni. Kunos kò kó odindi ẹgbẹ́ mọ́tò kankan jọ láti ìgbà wọ̀nyẹn. Iṣẹ́ ìyẹn ló bọ́ sọ́wọ́ àwọn oní-mod, wọ́n sì ti ṣe é: ti 1960, ti Group A, ti Super Touring. Ọ̀pọ̀ rẹ̀ jẹ́ ọ̀fẹ́, wọ́n sì ń ta díẹ̀.

Bí mo ṣe ń yẹ̀ ẹ́ wò kí n tó gbà á nìyí. Mo kọ́kọ́ ń wò bóyá ẹni tó ṣe é kó mọ́tò mẹ́fà tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ jọ, tí ọwọ́ kan náà ṣe gbogbo wọn. Mọ́tò mẹ́fà láti ọwọ́ èèyàn mẹ́fà kì í bára wọn dọ́gba. Ọ̀kan á fò, ọ̀kan á ràkò. Mo tún ń wò bóyá ó sọ ibi tí ó ti rí àwòrán mọ́tò náà. Mod tó pọ̀ ló jẹ́ pé inú géèmù ilé-iṣẹ́ ńlá ni wọ́n ti jí ara mọ́tò rẹ̀ yọ, wọ́n kàn wá fi ẹ́ńjìnnì mọ́tò míì sí i lábẹ́. Lójú, ó ń dán. Lọ́wọ́, ó dà bí ẹni ń wa báàfù. Bí ẹni tó ń tà á bá ń gba owó lórí irú ẹ̀ pàápàá, olè méjì ló pàdé lójú kan. Ẹ̀yìn ìyẹn ni mo tó ń wo ìwọ̀n mọ́tò àti agbára rẹ̀ tí wọ́n kọ, kí n fi wé ti ojúlówó. M3 ìje tó bá ní họ́ọ̀sìpáwà 450, ìtàn ni wọ́n ń pa.

Fífi sínú rẹ̀ rọrùn bí ẹ bá ní Content Manager, ètò kan tí ń bójú tó mod: ẹ kàn wọ́ fáìlì náà sórí rẹ̀. Ẹ fi àfikún tó ń jẹ́ Custom Shaders Patch kún un, nítorí Assetto Corsa kò ní òru kò sì ní òjò látilẹ̀. Òru àti òjò yẹn máa ń wúwo fún kọ̀ǹpútà díẹ̀ o; láptọ́ọ̀pù tí kò ní káàdì àwòrán á máa mí hẹ̀lẹ̀hẹ̀lẹ̀. Bí ẹ bá sì fẹ́ bá ọ̀rẹ́ ṣeré lórí íntánẹ́ẹ̀tì, gbogbo yín gbọ́dọ̀ ní mod kan náà, kí fáìlì rẹ̀ má yàtọ̀ rárá, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ sáfà, kọ̀ǹpútà tó gba ìje náà lálejò, á lé ẹni tí tiẹ̀ yàtọ̀ jáde.

Àwọn awakọ̀ kọ̀ǹpútà ni mo bínú sí jù. Nínú mod, wọn kì í fi bẹ́ẹ̀ mọ̀ pé ẹ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn. Fún eré tó jẹ́ pé ìfarakanra ni adùn rẹ̀, àbùkù ńlá nìyẹn.

RaceRoom: ẹ san owó, ẹ jókòó

RaceRoom Racing Experience jẹ́ ọ̀fẹ́ láti gbà sórí kọ̀ǹpútà. Mọ́tò àti pápá ni wọ́n ń tà. Kò sí mod, kò sí fáìlì tí ẹ máa wọ́. Fún ẹni tí mo ń kọ èyí fún, ohun tó ṣe pàtàkì jù níbẹ̀ ni DTM 1992. Audi V8, BMW M3 Sport Evolution àti Mercedes 190E Evo II wà lára rẹ̀.

Ẹ má fojú kéré mẹ́ta yìí. Ìtàn ọdún yẹn wà nínú wọn. Audi V8 tóbi bí ọkọ̀ ọba, gbogbo táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló ń fà, Hans-Joachim Stuck fi í gba adé ní 1990, Frank Biela tún gbà á ní 1991. Ní 1992, ìjà dé lórí kíráńkì tí wọ́n fi sínú ẹ́ńjìnnì rẹ̀, wọ́n ní kò bófin mu, Audi sì kó ẹrù rẹ̀ nílẹ̀ kí ọdún tó parí. Klaus Ludwig wá fi Mercedes gba adé. Nígbà tí ẹ bá jókòó sínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ẹ máa mọ ìdí tí wọ́n fi ń bá ara wọn jà: Audi ń fà bí màlúù jáde ní kọ́nà, M3 ń yí bí ológbò, Mercedes wà láàárín.

Ohùn mọ́tò inú RaceRoom ni mo máa ń fi han àwọn tí kò gbà mí gbọ́. Ẹ fi hẹ́díìfóònù sétí. Àwọn awakọ̀ kọ̀ǹpútà rẹ̀ tún lè kọ́ bí ẹ ṣe ń sáré kí wọ́n bá yín dọ́gba. Ohun tó kù díẹ̀ káàtó ni pé ó fẹ́ íntánẹ́ẹ̀tì ní gbogbo ìgbà, àti pé ẹyọ ẹyọ owó yẹn máa ń kóra jọ. Ẹ ra mọ́tò mẹ́ta yẹn àti pápá méjì bíi Hockenheim àti Norisring, kí ẹ dákẹ́. Ẹni tó bá fẹ́ 1960 tàbí Sierra, ẹ kọjá síwájú.

Automobilista 2: ọ̀nà Bràsíl

Èyí ni àwọn èèyàn kì í kọ́kọ́ rántí. Reiza Studios ti Bràsíl ló ṣe é, ó jáde ní 2020. BMW M3 àti Mercedes 190E wà níbẹ̀, Mini Cooper S àti BMW 2002 Turbo náà wà. Ṣùgbọ́n kì í ṣe ohun tó mú mi lọ nìyẹn.

Stock Car Brasil bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kẹrin ọdún 1979, ní pápá Tarumã ní gúúsù Bràsíl, Chevrolet Opala sì ni gbogbo mọ́tò tó wà lórí pápá. Opala jẹ́ ara Opel Rekord ti Jámánì pẹ̀lú ẹ́ńjìnnì sílíńdà mẹ́fà, lítà 4.1, tí General Motors ń fi sí i ní Bràsíl. Paulo Gomes ló gba adé àkọ́kọ́. Automobilista 2 ní Opala 1979, ó ní ti 1986, ó ní Omega 1999, ó sì ní Tarumã fúnra rẹ̀. Gbogbo ẹgbẹ́ mọ́tò náà pé, agbára wọn dọ́gba, ẹ lè fi òjò sí i, ẹ lè jẹ́ kí ilẹ̀ ṣú lé yín lórí. Ohun tí mo ń wá nínú mod Assetto Corsa fún oṣù mẹ́ta ni wọ́n ti sè sílẹ̀ níbí.

Ó tún ní ìdíje kékeré kan, Copa Classic, tí Chevette, Fiat Uno, Gol àti Passat ti ń forí gbárí, àti ti Fusca, tí àwa ń pè ní Ìjàpá. Ẹni tó bá dàgbà ní Èkó nígbà tí Volkswagen ń to mọ́tò ní Ọ̀jọ́ á rẹ́rìn-ín. Igala tí wọ́n tò níbẹ̀ pàápàá, Brasília ti Bràsíl ni. Mo mọ àgbàlagbà kan tí kò fọwọ́ kan géèmù rí. Ìjàpá yẹn ló mú un jókòó sídìí sítiarìn mi títí di agogo méjìlá òru, tó ń kígbe mọ́ ọn pé kó sáré.

Àléébù rẹ̀: ó wúwo, ọ̀pọ̀lọpọ̀ gígábáìtì ni, ó sì fẹ́ káàdì àwòrán gidi. Wọ́n ń ta àwọn pápá kan lọ́tọ̀, Nordschleife ti Jámánì wà lára wọn. Reiza kò sì ṣí ilẹ̀kùn fún mod bíi ti Kunos, nítorí náà ohun tí ẹ bá bá níbẹ̀ ni ẹ máa jẹ.

Géèmù iRacing wà o, ṣùgbọ́n owó àsansílẹ̀ ni, wọn kì í gba mod, touring car àtijọ́ kì í sì í ṣe ọjà wọn. Mo fò ó.

Ta ni kó mú èwo?

Bó bá jẹ́ láptọ́ọ̀pù àtijọ́ lẹ ní, tí dátà wọ́n, tí iná ń ṣe ségesège: GTR 2 pẹ̀lú Power & Glory, láìrò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Ẹni tó kàn fẹ́ Jámánì 1992, tí kò fẹ́ mọ ohun tí ń jẹ́ fódà, tí íntánẹ́ẹ̀tì rẹ̀ dúró re, kó gba RaceRoom. Òun náà ni mo máa fún ẹni tí kò ní sítiarìn, tó jẹ́ pé páàdì ló ń lò, nítorí mọ́tò 1960 pẹ̀lú páàdì, ìyà lásán ni.

Sierra RS500, Skyline, Volvo stéṣọ̀n wágìn: tí ọkàn yín bá wà níbẹ̀, Assetto Corsa ni kí ẹ mú. Ẹ ní sùúrù, ẹ kó ẹgbẹ́ mọ́tò tí ọwọ́ kan ṣe, kí ẹ sì wá ọ̀rẹ́ mẹ́rin márùn-ún tí ẹ jọ máa sá a, torí àwọn awakọ̀ kọ̀ǹpútà á já yín kulẹ̀. Bí ẹ bá ní sítiarìn Logitech G29 tàbí irú rẹ̀, ẹ fi owó díẹ̀ kún un kí ẹ ra jíà ọlọ́wọ́ tí wọ́n ń tà fún un. Bọ́tìnnì ẹ̀yìn sítiarìn kò bá Group A lọ.

Ẹni tí kọ̀ǹpútà rẹ̀ lágbára, tó fẹ́ ìje tó gbóná lónìí kan náà tó gbà á sílẹ̀, Automobilista 2 ni. Ẹ bẹ̀rẹ̀ ní Tarumã, Opala 1979, awakọ̀ kọ̀ǹpútà 20, òjò wẹẹrẹwẹ. Ẹ má tẹná tán ní kọ́nà àkọ́kọ́.